Ilẹ̀ tí a kò tẹ̀ rí

Mo mọ̀ pé ọ̀pọ̀ nínú yín, ìgbà tí ẹ bá ti oko tàbí ọjà dé tán ni ẹ ń ṣí ìwé. Nítorí náà n kò ní fa ọ̀rọ̀ gùn kí n tó sọ ohun tí mo fẹ́ kí a jọ rò. Ìbéèrè kan ni: ohun tí ojú wa kò rí, tí ẹsẹ̀ wa kò sì dé ibi tí ó wà, báwo ni a ṣe lè mọ̀ pé òótọ́ ni?

Èmi kọ́ ni mo bẹ̀rẹ̀ ìbéèrè yìí. Ìyá kan ni ó bi mí, nínú kíláàsì alẹ́ wa ní ìgbèríko Adja-Ouèrè. Ní alẹ́ ọjọ́ náà, a ń ka ojú ìwé kan tí ó sọ nípa àwọn ilẹ̀ òtútù. Ẹnì kan ń kà á sókè, ó ń fi ìka tọ ọ̀rọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó kà á pé ibì kan wà ní ayé tí ilẹ̀ ibẹ̀ le bí òkúta láti ọdún dé ọdún, nítorí òtútù. Ìyá yìí gbé ìwé rẹ̀ sílẹ̀. Ó ní: “Irọ́ ni. Ilẹ̀ kì í dì. Omi ni ó ń dì.”

Gbogbo kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín. Mo wá sọ ọ̀rọ̀ kan tí ó ṣì ń tì mí lójú. Mo ní: “Ìyá, ó wà nínú ìwé.”

Ó wò mí lójú. Ó ní: “Gbogbo ohun tí ó bá wà nínú ìwé, ṣé òótọ́ ni?”

N kò rí èsì fún un. Mo ní kí ẹlòmíràn máa kàwé lọ.

Ẹ jẹ́ kí n sọ fún yín pé omi tútù ni ìyá yìí ń tà ní ọjà Ikpinlè. Ó ti lé ní ọdún mẹ́wàá tí ó ti ń gbé omi sínú fírígò, tí ó ń gbé omi dídì jáde. Nínú gbogbo wa tí a wà ní kíláàsì náà, òun ni ó mọ bí omi ṣe ń dì jù. Òun ni a sì ń fi rẹ́rìn-ín.

Nígbà tí mo délé, mo wá inú ìwé mìíràn. Ohun tí mo rí níbẹ̀ ni pé ìyá náà fẹ́rẹ̀ẹ́ jàre. Ilẹ̀ fúnra rẹ̀ kì í dì. Omi tí ó wà láàárín yanrìn àti amọ̀ ni ó ń dì. Nígbà tí omi yẹn bá ti dì, ó ń so yanrìn pọ̀ mọ́ra bí símẹ́ńtì ti ń so ó pọ̀. Bí ẹ bá kó yanrìn gbígbẹ sínú fírígò, yóò tutù, ṣùgbọ́n kò ní le. Bí ẹ bá da omi sí i kí ẹ tó gbé e síbẹ̀, ẹ ó nílò òòlù láti fọ́ ọ. Ẹ lè dán an wò. Ẹ kò nílò láti gbà mí gbọ́.

Àwọn tí ń kọ́ ẹ̀kọ́ nípa ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ ní òfin kan: bí ilẹ̀ bá wà nínú òtútù tí ń mú omi dì fún ọdún méjì tẹ̀lé ara wọn, tí kò yọ́, wọ́n á kà á sí ilẹ̀ dídì. Irú ilẹ̀ yìí pọ̀ gan-an ní apá àríwá ayé. Ó wà ní Rọ́ṣíà, ní Kánádà, ní Alaska, ní Groenland. Bí a bá pín gbogbo ilẹ̀ tí ó wà ní ìlàjì ayé lápá àríwá sí mẹ́rin, ibi tí irú ilẹ̀ yìí wà súnmọ́ ìdá kan. Àwa náà wà ní ìlàjì ayé yẹn o. Kì í ṣe ayé mìíràn ni.

Ní ìgbà ooru, òkè rẹ̀ á yọ́ díẹ̀, níbòmíràn kò ju gígùn apá ènìyàn lọ. Koríko á hù, òdòdó á yọ, ẹ̀fọn á pọ̀. Ṣùgbọ́n lábẹ́ rẹ̀, ó le sí i. Bí ó ti jìn tó nílé ayé, ta ni ó mọ̀?

Ọkùnrin kan fẹ́ mọ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe nítorí ìmọ̀. Omi ni ó ń wá. Fyodor Shergin ni orúkọ rẹ̀. Ní Yakutsk, ní Sìbéríà ilẹ̀ Rọ́ṣíà, ni ó ń gbé, ó ń ṣiṣẹ́ fún ẹgbẹ́ oníṣòwò kan. Ní ọdún 1828 ó ní kí wọ́n gbẹ́ kànga sí àgbàlá. Ẹ̀yin tí ẹ ti bá wọn gbẹ́ kànga rí, ẹ mọ ohun tí ojú ń rí: ẹ gbẹ́ mítà mẹ́wàá, ẹ kò rí omi, ẹ ní kí a tún gbẹ́ díẹ̀ sí i. Bẹ́ẹ̀ ni àwọn náà ń ṣe. Ilẹ̀ náà dì, ó dì, ó dì. Nígbà tí wọ́n dáwọ́ dúró ní ọdún 1837, kànga náà ti jìn tó mítà 116. Bí ẹ bá to ọ̀pẹ gíga mẹ́fà lórí ara wọn, bóyá ni wọn yóò fi yọrí jáde nínú rẹ̀. Síbẹ̀ wọn kò tíì kọjá ilẹ̀ dídì. Wọn kò rí ẹ̀kán omi kan.

Mo sọ ìtàn yìí fún ìyá olómi tútù lọ́sẹ̀ kejì. Ó ní: “Báwo ni a ṣe mọ̀ pé ọkùnrin yìí kò purọ́?”

Lọ́tẹ̀ yìí n kò ní “ó wà nínú ìwé.” Mo ní kí a ṣe bí a ti ń ṣe nígbà tí ẹjọ́ bá dé iwájú àwọn àgbà. Nígbà tí ẹlẹ́rìí bá dìde, kí ni àwọn àgbà máa ń bi í? Wọ́n á ní: ṣé ìwọ ni ojú rẹ rí i, àbí wọ́n sọ fún ọ ni? Wọ́n á wo èrè tí yóò jẹ nínú ẹ̀rí náà. Wọ́n á sì wá ẹlòmíràn tí kò bá a sọ̀rọ̀ pọ̀, kí wọ́n gbọ́ bóyá ohun kan náà ni yóò sọ.

Shergin rí i fúnra rẹ̀, ọdún mẹ́sàn-án gbáko. Èrè wo ni ó jẹ? Omi ni ó ń wá, ilẹ̀ ni ó rí. Ẹni tí ẹ̀rí rẹ̀ bá ta ko ohun tí òun fúnra rẹ̀ ń wá, a máa ń tètè gbà á gbọ́. Lẹ́yìn náà, ní ọdún 1844, ọ̀mọ̀wé kan tí ń jẹ́ Alexander von Middendorff dé ibẹ̀. Ó ti ọ̀nà jíjìn wá, kò jẹ Shergin ní gbèsè kankan. Ó sọ̀ kalẹ̀ sínú kànga náà, ó gún ihò sí ara ògiri rẹ̀ ní ibi púpọ̀, ó fi ohun èlò wọn bí òtútù ti tó. Ó rí i pé bí a ti ń lọ sísàlẹ̀ ni òtútù ń dín díẹ̀díẹ̀, ṣùgbọ́n ní ìsàlẹ̀ pátápátá, omi ṣì lè dì níbẹ̀. Láti ìgbà náà ni ẹ̀kọ́ nípa ilẹ̀ dídì ti bẹ̀rẹ̀ sí í múlẹ̀. Inú kànga tí kò mú omi wá ni ó ti jáde.

Ìyá náà mi orí. Ó ní ó dáa, òun gbà fún ti ọkùnrin náà, ṣùgbọ́n ṣé ẹni dúdú kankan ti lọ wò ó?

Ẹ gbọ́ èyí. Ọmọ Tógò kan wà tí ń jẹ́ Tété-Michel Kpomassie. Ọdún 1941 ni wọ́n bí i. Nígbà tí ó wà ní ọ̀dọ́mọkùnrin, ó gun igi àgbọn, ó pàdé ejò lókè, ó já bọ́. Wọ́n gbé e lọ sọ́dọ̀ àwọn olórìṣà erè fún ìwòsàn. Ara rẹ̀ yá, bàbá rẹ̀ sì ṣèlérí pé yóò padà wá di ọmọ òrìṣà náà. Kò wù ú. Láàárín ìgbà náà ni ó rí ìwé kan ní ilé ìtàwé ní Lomé. Ìwé náà sọ nípa Groenland, ilẹ̀ yìnyín, níbi tí kò sí igi, tí kò sí ejò. Ẹ rò ó wò: ọmọ tí ejò ń lé, tí ó rí i nínú ìwé pé ibì kan wà tí ejò kò sí! Ó sá kúrò nílé. Ó gba Gáńnà, ó gba Kódífuà, ó gba Sẹ̀nẹ̀gàl, ó dé Faransé. Ó ń ṣiṣẹ́ lójú ọ̀nà láti rí owó ọkọ̀. Ó lò tó ọdún mẹ́jọ kí ó tó dé Groenland ní ọdún 1965. Ó gbé pẹ̀lú àwọn ará ibẹ̀, ó jẹ ohun tí wọ́n ń jẹ, ó bá wọn fi ajá wa ọkọ̀ lórí yìnyín. Ní ọdún 1981, ìwé tí òun náà kọ nípa rẹ̀ jáde ní èdè Faransé.

Èmi fẹ́ràn ọkùnrin yìí nítorí ohun kan. Ó ka ìwé, ó gbà á gbọ́, ó sì tún dìde lọ wò ó. Ṣùgbọ́n gbogbo wa kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Ta ni yóò bá wa ro oko? Bí a bá ní a kò ní gba ohunkóhun gbọ́ àfi èyí tí a bá rí, ohun tí a ó mọ̀ kò ní kọjá ibi tí zẹ́míjàn lè gbé wa lọ kí ilẹ̀ tó ṣú.

Ọ̀nà kan ṣì wà tí n kò tíì mẹ́nu bà. Ìyá olómi tútù fúnra rẹ̀ ni ó kọ́ mi. Ó ní bí òun bá kún ìgò dé ẹnu, tí òun sì dé e pa, fírígò á fọ́ ọ. Ó ní òun ti pàdánù ìgò púpọ̀ kí òun tó mọ̀ pé ó yẹ kí òun fi àyè sílẹ̀. Ohun tí ó rí yẹn gan-an ni ó ń ṣẹlẹ̀ nínú ilẹ̀ dídì. Bí omi bá dì, ó máa ń gba àyè ju ti tẹ́lẹ̀ lọ: ìgò mọ́kànlá omi á di nǹkan bí ìgò méjìlá. Nínú ilẹ̀, kò sí ẹni tí yóò fi àyè sílẹ̀ fún un. Nítorí náà ilẹ̀ á wú, á gbé òkúta sókè, á ya ọ̀nà, á ti òpó jáde bí ìgbà tí a bá fa eyín. Bí ilé bá wà lórí rẹ̀, tí ooru ilé náà sì mú ilẹ̀ yọ́, ilé á rì ní apá kan. Nítorí èyí ni wọ́n ṣe ń kọ́ ilé ńláńlá Yakutsk sórí òpó, tí atẹ́gùn ń gba abẹ́ wọn kọjá, kí ooru ilé má baà kan ilẹ̀. Ẹni tí ó bá ti dé Ganvié mọ bí ilé orí òpó ti rí. Ti Ganvié, nítorí omi ni; ti ibẹ̀ yẹn, kí ilẹ̀ má baà di omi ni.

Ẹ rí i pé ìgò kan láti ọjà Ikpinlè gbé wa dé Sìbéríà. Kì í ṣe gbogbo ọ̀nà ni ó sìn wá dé, nítorí ìgò kò lè sọ fún wa pé ó jìn tó mítà 116. Ibẹ̀ ni ẹlẹ́rìí ti ń wúlò. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó ti mọ ìgò yóò mọ irú ìbéèrè tí ó yẹ kí òun bi ẹlẹ́rìí.

Báyìí, mo fẹ́ mú yín padà wálé, nítorí ohun tí ó ń dùn mí wà nílé.

Gbogbo yín ni ẹ mọ̀ pé ilẹ̀ wa níbí kì í ṣe oríṣi kan. Ilẹ̀ pupa wà lórí òkè, èyí tí ọ̀pẹ àti ẹ̀gẹ́ fẹ́ràn. Bí ènìyàn bá sì ń lọ sí apá Massè, tàbí tí ó gba Issaba kọjá sí ilẹ̀ àwọn Ọ̀họ̀rí, yóò sọ̀ kalẹ̀ sórí ilẹ̀ dúdú. Ilẹ̀ ìsàlẹ̀ ni, tí ó gba àárín gúúsù orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀ kọjá láti ìwọ̀-oòrùn dé ìlà-oòrùn. Lama ni orúkọ rẹ̀ nínú àwòrán ilẹ̀. Àwọn Potogí ni ó ni ọ̀rọ̀ náà, ẹrẹ̀ ni ó sì túmọ̀ sí. Ẹni tí ó bá ti rìn níbẹ̀ lóṣù kẹfà kò ní bèèrè ìdí orúkọ náà.

Ilẹ̀ dúdú yìí ní ìwà tirẹ̀. Bí òjò bá rọ̀, ó máa ń mu omi, á wú, á lẹ̀ mọ́ bàtà bí ọ̀dà. Bí ọyẹ́ bá dé, ó máa ń gbẹ, á súnkì, á lanu. Àlàfo rẹ̀ lè gba ẹsẹ̀ màlúù, ó sì lè jìn ju mítà kan lọ. Ilẹ̀ òkè tí ó ti fọ́ wẹ́wẹ́ á máa jábọ́ sínú àlàfo náà. Nígbà tí òjò bá tún dé, àlàfo á pa dé, èyí tí ó wà lókè á ti di ti ìsàlẹ̀. Báyìí ni ilẹ̀ náà ń ro ara rẹ̀ láìsí ọkọ́. Àwọn ọ̀mọ̀wé fún un ní orúkọ kan tí ó túmọ̀ sí ilẹ̀ tí ń yí ara rẹ̀ padà. Ata àti àgbàdo máa ń ṣe dáadáa níbẹ̀ bí omi kò bá pọ̀ jù.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo rí àwòrán ilẹ̀ dídì tí a yà láti inú ọkọ̀ òfurufú, ẹnu yà mí. Àlàfo pín gbogbo rẹ̀ sí oníkọ̀rọ̀ márùn-ún, oníkọ̀rọ̀ mẹ́fà, bí ẹ̀yìn ìjàpá. Mo ní: “Lama nìyí!” Òtútù ni ó ṣe tibẹ̀, ọ̀dá ni ó ṣe tiwa, ṣùgbọ́n nǹkan kan náà ni: ilẹ̀ tí ó súnkì tí kò rí ibi tí yóò gbà, tí ó wá fà ya. Mo rò ó pé bí àgbẹ̀ Massè kan bá pàdé ẹni Yakutsk kan, bí wọ́n bá rí ògbufọ̀, wọn yóò rí ọ̀rọ̀ bá ara wọn sọ títí di ọ̀gànjọ́.

Orí ilẹ̀ dúdú bẹ́ẹ̀ ni àbúrò mi ra ibi tí yóò kọ́lé sí. Ó ti lọ sí Nàìjíríà lọ ṣiṣẹ́ fún ọdún púpọ̀, ó sì ti kó owó jọ díẹ̀díẹ̀. Ó pe birikìlà kan láti ìlú. Bí wọ́n ti ń la ìpìlẹ̀, ìyá àgbàlagbà kan tí oko rẹ̀ wà nítòsí dúró, ó kí wa, ó ní: “Ẹ̀yin ọmọ mi, ilẹ̀ yìí ń mí o. Àwọn bàbá wa ń ro ó ni, wọn kì í sùn lórí rẹ̀. Ẹ gòkè lọ díẹ̀, ẹ ó rí pupa.”

Àbúrò mi wò mí. Èmi ni ẹ̀gbọ́n, èmi ni mo mọ̀wé. Ẹnu mi ni ó ń wò. Mo sì dá ìyá náà lóhùn pẹ̀lú ọ̀wọ̀, mo dọ̀bálẹ̀ pàápàá. Mo ní: “Ìyá, ẹ ṣeun. Amọ̀ ni àwọn bàbá wa fi ń kọ́lé. Símẹ́ńtì ni tiwa.” Ó ní ó dáa, kí Ọlọ́run jẹ́ kí a fi ayọ̀ gbé ibẹ̀. Ó gbé agbọ̀n rẹ̀, ó lọ.

Ọyẹ́ àkọ́kọ́, ìlà kan yọ lára ògiri yàrá, ó tẹ́ẹ́rẹ́ bí òwú. Ọyẹ́ kejì, ọwọ́ ọmọdé wọ inú rẹ̀. Nígbà tí ó di ọdún kẹta, ilẹ̀kùn kò ṣe é tì mọ́, àwọn ọmọ kò sì sùn nínú yàrá náà mọ́ nítorí ìyá wọn ń bẹ̀rù.

Mo jókòó lálẹ́ ọjọ́ kan, mo dá ẹjọ́ ara mi. Mo bi ara mi léèrè: Shergin, ọkùnrin Rọ́ṣíà tí ó ti kú tipẹ́, tí n kò mọ ojú rẹ̀, kí ló dé tí mo fi gbà á gbọ́, tí n kò fi gba ìyá tí ó dúró níwájú mi gbọ́? Mo gbé ìbéèrè àwọn àgbà kalẹ̀. Ṣé ojú ìyá náà rí i? Ojú rẹ̀ rí i ju ogójì ọdún lọ. Ṣé ó ní èrè níbẹ̀? Rárá. Ṣé ẹlòmíràn sọ bẹ́ẹ̀? Gbogbo àwọn tí ó tẹ agbègbè náà dó ti sọ ọ́, nítorí ilé wọn wà lórí pupa, oko wọn wà lórí dúdú. Ẹ̀rí rẹ̀ pé ju ti Shergin lọ. Ohun kan ṣoṣo ni kò ní: kò sí nínú ìwé.

Irọ́ ni mo tún pa yẹn. Ó wà nínú ìwé. Nígbà tí mo wá a, mo rí i pé ó ti pẹ́ tí àwọn tí ń kọ́ ọ̀nà àti ilé ti ń kọ ọ́ pé irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ ń ya ògiri, pé ó yẹ kí a jìn ìpìlẹ̀ gan-an, tàbí kí a kó ilẹ̀ náà kúrò kí a kó òmíràn sí i. Ojú ìwé yẹn ni n kò tíì kà. Mo ń fi ìwé tí n kò kà da ẹnu ìyá tí ó mọ̀ ọ́n dé.

Ẹni tí kò mọ̀ nítorí pé kò sí ẹni tí ó sọ fún un, n kò lè dá a lẹ́bi. Ṣùgbọ́n ẹni tí wọ́n sọ fún, tí ó rẹ́rìn-ín, ṣé ó tún lè ní òun kò mọ̀? Ìbéèrè yìí le ju ti àkọ́kọ́ lọ. Kì í ṣe èmi nìkan ni ó kàn.

Ẹ wo ilẹ̀ dídì lónìí. Ó ń yọ́. Èéfín èédú, ti epo mọ́tò àti ti ilé iṣẹ́ ńláńlá ti mú kí ayé gbóná. Ní ọdún 1896, ọ̀mọ̀wé ará Swídìn kan, Svante Arrhenius, ti ṣe ìṣirò rẹ̀ pé bí èéfín èédú bá ń pọ̀ sí i nínú afẹ́fẹ́, ayé yóò gbóná sí i. Wọ́n ti sọ fún ayé, ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún. Ewé àti gbòǹgbò tí kò jẹrà láti ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún wà nínú ilẹ̀ dídì. Èròjà èéfín tí ó wà nínú wọn tó ìlọ́po méjì èyí tí ó wà nínú gbogbo afẹ́fẹ́ ayé. Bí ilẹ̀ bá yọ́, wọn yóò jẹrà, apá kan nínú èéfín náà yóò jáde, ayé yóò sì tún gbóná sí i.

Ohun tí a sin tún ń padà wá. Ní ọdún 2007, darandaran kan ní Yamal, ní àríwá Rọ́ṣíà, Yuri Khudi ni orúkọ rẹ̀, rí òkú ọmọ erin onírun kan létí odò. Irú erin yẹn ti parẹ́ láyé tipẹ́. Òkú náà ti wà nínú ilẹ̀ dídì fún nǹkan bí ọdún 42,000, síbẹ̀ awọ rẹ̀ pé, wàrà ìyá rẹ̀ sì wà nínú rẹ̀. Khudi kì í ṣe ọ̀mọ̀wé, ṣùgbọ́n ó mọ ilẹ̀ rẹ̀, ó mọ̀ pé ohun tí òun rí tóbi. Ó wá àwọn tí yóò sọ fún lọ. Àwọn ọ̀mọ̀wé fi orúkọ ìyàwó rẹ̀, Lyuba, pe erin náà. Inú mi máa ń dùn sí èyí, nítorí wọ́n gbọ́ tirẹ̀.

Ṣùgbọ́n ní ọdún 2016, ní Yamal yìí kan náà, ooru mú gan-an, ilẹ̀ yọ́. Àrùn ẹran tí àwọn Faransé ń pè ní charbon tún yọ jáde. Ó ti lé ní àádọ́rin ọdún tí wọ́n ti rí i níbẹ̀ kẹ́yìn. Èyí tí àwọn ọ̀mọ̀wé gbà jù ni pé inú ilẹ̀ tí ó yọ́, níbi tí òkú ẹran àtijọ́ wà, ni ó ti jáde. Ẹran tí ó kú lé ní 2,000. Ọmọdékùnrin ọlọ́dún méjìlá kan kú pẹ̀lú.

Ọmọ yẹn kò ní ilé iṣẹ́. Bàbá rẹ̀ darandaran ni. Ta ni ó jẹ ẹ́ ní gbèsè? Èéfín tiwa níbí kéré sí ti àwọn orílẹ̀-èdè ọlọ́rọ̀, n kò sì rò pé ó tọ́ kí wọ́n pín ẹ̀bi náà ní dọ́gba-dọ́gba fún ẹni tí ó ní zẹ́míjàn kan àti ẹni tí ó ní ọkọ̀ òfurufú. Ṣùgbọ́n n kò lè sọ mọ́ pé ọ̀rọ̀ ibẹ̀ kò kàn mí. Ìgbà tí n kò mọ̀, mo lè sọ bẹ́ẹ̀. Ìyá olómi tútù ní tirẹ̀, òun kò gbà. Ó ní: “Ẹni tí ó fọ́ ìgò ni kí ó san owó ìgò.” A ti ń bá àríyànjiyàn náà bọ̀ láti ọdún tó kọjá. Nígbà mìíràn mo máa ń rò pé òun ni ó jàre.

Ní oṣù tó kọjá, àbúrò mi ní òun fẹ́ kọ́ yàrá méjì sí ibòmíràn. Lọ́tẹ̀ yìí, àwa méjèèjì lọ sí ilé ìyá àgbàlagbà náà. A dọ̀bálẹ̀, a tọrọ gáfárà. Kò bá wa wí. Ó mú ọ̀pá rẹ̀, ó ń lọ níwájú, à ń tẹ̀lé e. Ó máa ń dúró, á fi ọ̀pá gún ilẹ̀, á wo irú koríko tí ó hù níbẹ̀, á bu ilẹ̀ díẹ̀, á pò ó pọ̀ mọ́ itọ́ ní àtẹ́lẹwọ́, á tún dà á nù. Nígbà tí a dé ibì kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ igi ìrókò, ó ní: “Níbí.”

Mo bi í léèrè bí ó ti ṣe mọ̀. Ó wo àpò mi, níbi tí káyé mi ti yọrí jáde.

Ó ní: “Ṣé ẹ ó kọ ọ́ sílẹ̀?”

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó jókòó sórí gbòǹgbò igi náà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ, ó ń sọ ọ́ díẹ̀díẹ̀ kí ọwọ́ mi lè bá a.